P. K. Rosy: ṣé ó fi iṣẹ́ òṣèré sílẹ̀ ni, àbí wọ́n lé e kúrò nínú rẹ̀?

Olùtọ́pinpin kọ pé:

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará wa. Mo ń kọ ìtàn ìgbésí ayé àwọn obìnrin tí wọ́n kọ́kọ́ ṣe fíìmù ní ilẹ̀ Íńdíà ní ṣókí, mo sì ti dé ibi tí ọ̀rọ̀ ti há mi lọ́wọ́. Ẹni tí ọ̀rọ̀ náà kàn ni P. K. Rosy, obìnrin tí ó kọ́kọ́ kó ipa pàtàkì nínú fíìmù èdè Malayalam. Fíìmù kan ṣoṣo ni ó ṣe. Vigathakumaran ni orúkọ rẹ̀, ìtumọ̀ rẹ̀ sì ni “ọmọ tí ó sọnù”. Fíìmù tí kò ní ohùn ni, J. C. Daniel ni ó kọ ìtàn rẹ̀, òun ni ó darí rẹ̀, òun náà ni ó sì kó ipa ọkùnrin inú rẹ̀, ní ìlú Thiruvananthapuram, nígbà tí ibẹ̀ ṣì jẹ́ olú-ìlú ìjọba Travancore. Agbègbè náà wà ní ìpínlẹ̀ Kerala lónìí.

Ohun tí ó ṣẹlẹ̀ kò gùn. Ọmọ ìran Pulaya ni Rosy, ọ̀kan lára àwọn ìran tí ètò ìbí ilẹ̀ Íńdíà kà sí aláìmọ́ tí ènìyàn kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn. Ṣùgbọ́n ipa ọmọbìnrin Nair ni Daniel fún un, àwọn Nair sì jẹ́ onílẹ̀ àti ọlọ́lá ní Travancore. Nígbà tí fíìmù náà jáde ní gbọ̀ngàn Capitol, inú bí àwọn kan nínú òǹwòran, wọ́n sọ òkúta lu aṣọ funfun tí àwòrán ń hàn lára rẹ̀, wọ́n jó ilé Rosy, ó sì sá kúrò ní ìlú. Kò ṣe fíìmù mìíràn mọ́ títí ó fi kú.

Gbólóhùn tí mo fi parí ìtàn náà nìyí: “Ó ṣe fíìmù kan, lẹ́yìn náà ó fi iṣẹ́ òṣèré sílẹ̀.” Mo kà á lẹ́ẹ̀mejì, ọkàn mi kò balẹ̀ sí i. Ẹ jọ̀wọ́, ṣé ó tọ́ kí a pe fíìmù kan ṣoṣo ní iṣẹ́ òṣèré? Kí ni kí n sì fi rọ́pò “fi sílẹ̀” yẹn?

Ọmọ Alárìnjó fèsì:

Ẹ̀gbọ́n, ìbéèrè àkọ́kọ́ ni mo fẹ́ dáhùn, nítorí ó jọ pé àárín ni ẹ ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn náà. Ẹ̀rọ ayàwòrán kọ́ ni ó sọ Rosy di òṣèré. Kí Daniel tó rí i ni ó ti ń ṣe Kakkarissi Natakam, eré ìbílẹ̀ kan ní gúúsù Kerala tí wọ́n ń fi orin, ijó àti ẹ̀fẹ̀ ṣe, níbi tí òrìṣà Shiva àti ìyàwó rẹ̀ Parvati ti ń rìn kiri láàárín àwọn ènìyàn bíi tọkọtaya tí kò nílé. Ọkùnrin ni ó máa ń wọ aṣọ obìnrin nínú irú eré bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀, nítorí ojú tí àwùjọ fi ń wo obìnrin tí ó bá jáde sí agbo eré kò dára rárá. Ẹni tí ó ti dúró níwájú èrò lójúkojú, tí ó ti kọrin fún wọn, tí ó ti pa wọ́n lẹ́rìn-ín, ni Daniel mú. Bí ẹ bá bẹ̀rẹ̀ sí í ka iṣẹ́ rẹ̀ láti orí fíìmù, ẹ ti gé e lórí.

Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un. Daniel ti kọ́kọ́ mú òṣèrébìnrin kan wá láti Bombay, ọ̀rọ̀ wọn kò wọ̀, ó sì wá padà sílé wá ẹlòmíràn. Kì í ṣe pé ó ṣàánú Rosy. Ẹni tí ó mọ iṣẹ́ ni ó ń wá.

Ìyá Tísà fèsì:

Ẹ kú ìjíròrò, ẹ̀yin ọmọ mi. Mo rí i pé a kọ “inú bí wọn”, bí ẹni pé ìbínú ọjọ́ kan lásán ni. Ẹni tí kò bá mọ bí Travancore ṣe rí nígbà náà yóò rò pé ńṣe ni orí àwọn òǹwòran kan ṣàdédé gbóná.

Ọdún 1855 ni ìjọba Travancore tó fi òfin fòpin sí òwò ẹrú nínú ìlú, àwọn Pulaya sì wà lára àwọn tí wọ́n ti ń rà tí wọ́n sì ń tà pẹ̀lú ilẹ̀ ìrẹsì tí wọ́n ń ro. Òmìnira yẹn kò ṣí ọ̀nà fún wọn. Ẹ̀ṣẹ̀ tí Ayyankali, aṣáájú àwọn Pulaya, ṣẹ̀ ní 1893 kò ju pé ó wọ aṣọ tí ó mọ́, ó gun kẹ̀kẹ́ tí màlúù ń fà, ó sì gba ojú ọ̀nà tí gbogbo ènìyàn ń gbà. Láti 1924 títí wọ 1925, àwọn ènìyàn fi oṣù púpọ̀ ṣe ìwọ́de ní ìlú Vaikom, ohun tí wọ́n sì ń béèrè ni ẹ̀tọ́ láti rìn ní ọ̀nà tí ó yí tẹ́ńpìlì ká. Wọn kò tíì béèrè àtiwọlé o, àtirìn kọjá lásán ni. Oṣù November 1936 ni ọba tó kéde pé gbogbo Híńdù lè wọ tẹ́ńpìlì ìjọba, láìka ìran tí wọ́n bí wọn sí. Ọjọ́ méjì ni àwọn òpìtàn ń dárúkọ fún ìjáde fíìmù yìí: àwọn kan ní 7 November 1928, àwọn mìíràn ní 23 October 1930. Èyíkéyìí tí ẹ bá mú nínú méjèèjì, ojú Rosy ti hàn nínú gbọ̀ngàn Capitol kí àwọn ènìyàn rẹ̀ tó lè wọ tẹ́ńpìlì.

Ẹ wá wo ohun tí àwọn Nair rí lọ́jọ́ náà. Obìnrin tí kò gbọdọ̀ sún mọ́ ẹnu ọ̀nà wọn wọ aṣọ ọmọbìnrin ilé wọn, ó ń rìn bí ọmọbìnrin ilé wọn, ó sì ga ju ènìyàn lọ lára aṣọ funfun náà. Àwòrán ni òkúta wọn bà. Ara rẹ̀ gan-an ni wọ́n ń wá, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi tẹ̀ síwájú dé ilé rẹ̀.

Agbẹjọ́rò Kékeré fèsì:

Ẹ ṣeun, Mà. Ohun kan ṣì wà tí ó ń ká mi lára. A máa ń yára dá àwọn tí wọ́n sọ òkúta lẹ́bi, ó sì yẹ bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n a kì í béèrè ohun tí ẹni tí ó gbà á síṣẹ́ ṣe. Gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ìtàn náà, agbẹjọ́rò olókìkí kan ni wọ́n pè kí ó wá ṣí ìran àkọ́kọ́, ìyẹn ìgbà àkọ́kọ́ tí èrò yóò wo fíìmù náà (ẹ foríjì mí, ojú iṣẹ́ wa tì mí níbí yìí), ó sì sọ pé òun kò ní wọlé bí Rosy bá wà nínú gbọ̀ngàn. Daniel kò pe Rosy. Obìnrin náà wá fúnra rẹ̀, wọ́n sì ní kí ó lọ dúró de ìran kejì.

Ẹ rò ó wò. Nínú gbogbo ìlú Thiruvananthapuram, ẹni tí ojú rẹ̀ wà nínú fíìmù náà ni kò gbọdọ̀ jókòó wò ó. Kí òkúta kankan tó kúrò lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni ni wọ́n ti kọ́kọ́ dá a padà lẹ́nu ọ̀nà, àwọn tí wọ́n sì dá a padà ni àwọn tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́. Nítorí náà, Ẹ̀gbọ́n Olùtọ́pinpin, kò sí ohun tí Rosy fi sílẹ̀. Wọ́n lé e ni. Bẹ́ẹ̀ ni kí ẹ kọ ọ́.

Baba Ìtàn fèsì:

Agbẹjọ́rò, ọmọ mi, o rojọ́ dáadáa, àmọ́ apá kan ni o gbọ́. Daniel fúnra rẹ̀ kì í ṣe ọmọ àwọn tí wọ́n jókòó síwájú. Kristẹni ìran Nadar ni, ìran tí àwọn obìnrin wọn jà fún ọ̀pọ̀ ọdún kí ìjọba Travancore tó kéde ní 1859 pé wọ́n lè fi aṣọ bo àyà wọn. Ó ta ilẹ̀ rẹ̀, ó ra ẹ̀rọ, ó dá Travancore National Pictures sílẹ̀, ilé iṣẹ́ fíìmù àkọ́kọ́ ní agbègbè yẹn. Ọkùnrin tí gbogbo ohun tí ó ní wà nínú fíìmù kan ṣoṣo, tí àwọn tí wọ́n lè sanwó ìwòran sì ń halẹ̀ pé àwọn kò ní wá, kí ni o fẹ́ kí ó ṣe?

Fíìmù náà kò sì mú owó rẹ̀ padà wálé. Daniel ta àwọn ẹ̀rọ náà láti san gbèsè, ó ti ilé iṣẹ́ náà pa, ó lọ ń tọ́jú eyín jẹun. Òun náà kò ṣe fíìmù onítàn mìíràn. Ó kú ní 1975, nínú àìní, kí ìjọba Kerala tó ka ohun tí ó ṣe sí ohunkóhun. Bí a bá ń ka àwọn tí fíìmù yìí ba ayé wọn jẹ́, orúkọ méjì ni ó wà níbẹ̀.

Àdùkẹ́ Oníwèé fèsì:

Ẹ kú àlàyé, Baba. Òótọ́ ni pé fíìmù onítàn kọ̀ọ̀kan ni àwọn méjèèjì ní, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí fíìmù kan náà sọ ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn dà. Daniel ni gbogbo ayé ń pè ní baba sinimá Malayalam. Láti 1992 ni Kerala ti ń fi orúkọ rẹ̀ dá àwọn àgbà òṣèré àti adarí fíìmù lọ́lá, àmì-ẹ̀yẹ náà sì ni ó ga jù ní iṣẹ́ náà. Ọdún 2019 ni ẹgbẹ́ àwọn obìnrin tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ fíìmù níbẹ̀, Women in Cinema Collective, tó fi orúkọ Rosy sọ ẹgbẹ́ ìwòran kan. Ní 10 February 2023, Google gbé àwòrán rẹ̀ sí ojú ìwé àkọ́kọ́ wọn láti fi sàmì ọgọ́fà ọdún ìbí rẹ̀, ọ̀pọ̀ ènìyàn sì gbọ́ orúkọ náà fún ìgbà àkọ́kọ́ lọ́jọ́ yẹn. Gbèsè ni ó mú Daniel kúrò nídìí fíìmù, ó sì ṣì ń jẹ́ Daniel. Rosy kò lè jẹ́ Rosy mọ́.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ fi sínú ìwé yín, Ẹ̀gbọ́n, ni ọ̀rọ̀ òdòdó. Ìran tí gbogbo ẹni tí ó ń sọ ìtàn yìí ń tọ́ka sí ni ibi tí ọkùnrin ti yọ òdòdó kan kúrò nínú irun Rosy, tí ó sì fi ẹnu kò ó. Òdòdó ni ó fẹnu kò o, kì í ṣe ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ìyẹn ni òkúta fi bẹ̀rẹ̀. Ní 1913, nígbà tí Phalke, aṣefíìmù ọmọ ilẹ̀ Íńdíà, ṣe fíìmù Raja Harishchandra, ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Salunke ni ó kó ipa olorì níbẹ̀, wọ́n sì gbà á. Ọkùnrin lè ṣe olorì, kí ayé má bàjẹ́. Obìnrin Pulaya kò lè ṣe obìnrin Nair. Ó hàn gbangba pé ọ̀rọ̀ “kò jọ ẹni tí ó ń ṣe” kọ́ ni ó bí wọn nínú. Lójú tèmi, bí ó ṣe jọ ọ́ jù ni ìṣòro náà.

Ohun tí ó sì ń dùn mí jù ni pé kò sí ibi tí a ti lè wo bí ó ṣe ṣe é. Vigathakumaran ti sọnù, bí orúkọ rẹ̀. Fíìmù Malayalam kejì, Marthanda Varma ti 1933, tí ẹjọ́ lórí ẹ̀tọ́ ìwé tí wọ́n mú ìtàn rẹ̀ jáde dá dúró, ṣì wà ní ilé ìpamọ́ fíìmù orílẹ̀-èdè Íńdíà ní Pune. A lè wo ti kejì. Ti àkọ́kọ́, ẹnu àwọn ènìyàn nìkan ni ó wà.

Ọmọ Alárìnjó fèsì:

Àfikún kékeré sí ọ̀rọ̀ Àǹtí Àdùkẹ́. Wọ́n gbé fíìmù náà dé àwọn ìlú mìíràn lẹ́yìn Thiruvananthapuram, títí kan Alappuzha, níbi tí àwọn òǹwòran ti fi ọ̀wọ̀ gbà á. Nígbà tí àwòrán ṣókùnkùn níbẹ̀, ẹni tí ń ṣàlàyé ìran fún èrò dìde, ó ní kí wọ́n ṣe sùúrù, nítorí fíìmù Malayalam àkọ́kọ́ ni, àbùkù kò sì ní ṣàìwà níbẹ̀. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Fíìmù kan náà ni, ojú Rosy kan náà ni, òdòdó kan náà ni. Nítorí náà, kí ẹnikẹ́ni má sọ fún wa pé bí ayé ṣe rí nígbà náà nìyẹn, kò sí ohun tí ẹ̀dá lè ṣe sí i.

Olùtọ́pinpin kọ pé:

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Mo ti fi Kakkarissi Natakam síbẹ̀rẹ̀, mo sì ti fi ọ̀rọ̀ ìran kejì kún un. Apá tí ó kù mí kù ni ti ìgbà tí ó sá lọ. Ohun tí mo ní kò ju èyí lọ: ó bá awakọ̀ ẹrù kan lọ sí ìhà Nagercoil, tí ó wà ní ìpínlẹ̀ Tamil Nadu lónìí, ó fẹ́ ẹ, ó sì ń jẹ́ Rajammal níbẹ̀. Ṣé kí n dá ìtàn òṣèré náà dúró síbẹ̀, nígbà tí kò ṣeré mọ́?

Ìyá Tísà fèsì:

Má dá a dúró síbẹ̀, ọmọ mi, nítorí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà ti yí padà. Ìran wo ni awakọ̀ náà? Nair ni. Rosy wọ ilé Nair gẹ́gẹ́ bí ìyàwó, ó jókòó síbẹ̀, àwọn ọmọ tí ó bí sì dàgbà gẹ́gẹ́ bí Nair. Ohun tí àwọn ọmọ náà mọ̀ ni pé ìyá wọn ti ṣe eré rí kí ó tó lọ́kọ. Ọ̀rọ̀ fíìmù kò sí nínú ohun tí wọ́n ń sọ nílé.

Ipa tí wọ́n tìtorí rẹ̀ sọ òkúta lu àwòrán rẹ̀ ni ó wá ń kó lójoojúmọ́, láìsí ẹ̀rọ, láìsí Daniel. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sí òǹwòran tí ó dá a mọ̀. Ìwọ ní fíìmù kan ṣoṣo ni. Èmi kò mọ iye ọdún tí ènìyàn gbọ́dọ̀ fi kó ipa kan kí a tó gbà pé òṣèré ni.

Agbẹjọ́rò Kékeré fèsì:

Mà, ọ̀rọ̀ yín wọ̀ mí lára, ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín, ẹ má jẹ́ kí ó dùn jù. Bí a bá kọ ọ́ báyìí, ẹni tí ó bá kà á lè rò pé Rosy ni ó borí, pé ó tan àwọn Nair jẹ títí ayé. Òṣèré lè bọ́ aṣọ eré sílẹ̀ ní alẹ́. Obìnrin yìí kò lè bọ́ ọ, nítorí ọjọ́ tí ó bá bọ́ ọ ni ilé yóò tún jó. Kò kọrin ní gbangba mọ́, kò jó mọ́, kò lè sọ orúkọ àwọn òbí rẹ̀ fún àwọn ọmọ tí ó bí. Ìfarapamọ́ ni mo ń pe ìyẹn ní tèmi, èmi kì í pè é ní eré.

Ìyá Tísà fèsì:

Mo gbà. Jẹ́ kí ó kọ méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn.

Baba Ìtàn fèsì:

Èmi náà ní ìbéèrè kan fún ẹ̀yin tí ẹ wo Celluloid, fíìmù tí Kamal ṣe ní 2013 nípa Daniel. Fíìmù yẹn ni ó gbé orúkọ Rosy padà sí etí ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Kerala, mo sì mọrírì rẹ̀. Ṣùgbọ́n ṣé kò yà yín lẹ́nu pé nínú ìtàn náà pàápàá, Daniel ni a tẹ̀ lé dé òpin, tí Rosy sì kúrò lójú wa ní àárín?

Àdùkẹ́ Oníwèé fèsì:

Kò yà mí lẹ́nu, Baba. Mo dúpẹ́ pé ẹ̀yin tí ẹ gbèjà Daniel láàárọ̀ ni ẹ béèrè rẹ̀.

Olùtọ́pinpin kọ pé:

Mo ti tún ìparí ìtàn náà kọ. Ẹ bá mi wò ó:

“Rosy ti jẹ́ òṣèré orí agbo kí ó tó ṣe fíìmù. Nínú Vigathakumaran, ó kó ipa ọmọbìnrin Nair. Wọn kò jẹ́ kí ó wo ìran àkọ́kọ́, wọ́n sọ òkúta lu àwòrán rẹ̀, wọ́n jó ilé rẹ̀, wọ́n sì lé e kúrò ní ìlú àti nínú iṣẹ́ rẹ̀. Ó lo ìyókù ayé rẹ̀ ní ilé ọkọ rẹ̀ tí ó jẹ́ Nair, lábẹ́ orúkọ Rajammal, kò sì ṣeré ní gbangba mọ́.”

Ìyá Tísà fèsì:

Ó dára ju ti tẹ́lẹ̀ lọ ní ìlọ́po ìlọ́po. Ohun kan ni mo fẹ́ kí o tún wò, iṣẹ́ olùkọ́ èdè ni ó ń yọ mí lẹ́nu. Ka “wọn” àti “wọ́n” tí ó wà nínú gbólóhùn rẹ kẹta. Márùn-ún ni: wọn kò jẹ́ kí ó wò ó, wọ́n sọ òkúta, wọ́n jó ilé, wọ́n lé e. Èdè wa fàyè gba èyí, a kì í fura sí i, ṣùgbọ́n “wọ́n” kò ní ojú. O ti ṣàtúnṣe “fi sílẹ̀”, èyí tí ó gbé ẹrù náà lé obìnrin náà lórí. Má wá gbé e lé ẹni tí kò sí.

Agbẹjọ́rò Kékeré fèsì:

Mà, mo kà á, mẹ́rin ni mo rí.

Ìyá Tísà fèsì:

Mẹ́rin ni lóòótọ́, ojú ló ti di tàgbà. Ó ṣì pọ̀ jù.

Olùtọ́pinpin kọ pé:

Mo ti yọ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin:

“Àwọn tí wọ́n ṣètò ìran àkọ́kọ́ kò jẹ́ kí ó wọlé, nítorí àlejò pàtàkì wọn kọ̀ láti bá obìnrin Pulaya jókòó. Àwọn òǹwòran láti inú àwọn ìran tí ó wà lókè sọ òkúta lu àwòrán rẹ̀ nínú gbọ̀ngàn Capitol. Ìbínú wọn dé ilé rẹ̀, ilé náà jóná, Rosy sì sá lóru.”

Ọmọ Alárìnjó fèsì:

“Ilé náà jóná” kẹ̀, Ẹ̀gbọ́n? Ṣé iná ìdáná ni?

Olùtọ́pinpin kọ pé:

Ó tì o. “Àwọn ènìyàn kan náà dáná sun ilé rẹ̀.” Mo ti ṣàtúnṣe rẹ̀, mo sì ti yọ “lóru” náà kúrò.